Abúlé Tí Wọ́n Ń Ka Ènìyàn Inú Rẹ̀ Lálaalẹ́

Ẹ̀yin ará nínú Olúwa, bí ẹ bá pe àwọn ọmọ wọlé fún àdúrà alẹ́, ǹjẹ́ ṣọ́jà máa ń wá wò ó bóyá gbogbo yín pé? Bẹ́ẹ̀ ni ó rí ní Daeseong-dong, abúlé kékeré kan ní Kòríà Gúúsù.

Ogun Kòríà bẹ̀rẹ̀ ní 1950. Ní July 27, 1953, wọ́n fọwọ́ sí ìwé pé kí ìbọn dákẹ́, ṣùgbọ́n wọn kò tíì fọwọ́ sí ìwé àlàáfíà títí di òní. Ààlà tí wọ́n fi pín ilẹ̀ náà fẹ̀ ní kìlómítà 4, ó sì gùn tó 250. Wáyà ẹlẹ́gùn-ún wà ní ìhà méjèèjì, bọ́ǹbù sì wà lábẹ́ ilẹ̀. Daeseong-dong nìkan ni abúlé Gúúsù tí ó wà nínú rẹ̀. Àgbẹ̀ onírẹsì ni wọ́n. Ṣọ́jà ni í sìn wọ́n lọ sóko. Bí ilẹ̀ bá ṣú, kónílé-ó-gbélé ni.

Ìjọba kì í gba owó orí lọ́wọ́ wọn, kò sì di dandan fún àwọn ọmọkùnrin wọn láti wọ iṣẹ́ ológun bí ti àwọn yòókù. (Mo mọ̀ pé àwọn kan nínú wa ti ń sọ pé, "Ẹ mú mi lọ síbẹ̀!") Ẹ fara balẹ̀ ná. Ẹni tí kò bá sùn níbẹ̀ tó oṣù 8 lọ́dún yóò pàdánù ẹ̀tọ́ rẹ̀. Ní October 1997, ìyá kan àti ọmọ rẹ̀ ọkùnrin lọ ṣa èso igi nítòsí ààlà. Àwọn ṣọ́jà Àríwá kó wọn lọ. Ọjọ́ díẹ̀ kọjá kí wọ́n tó dá wọn padà. Ẹ̀yin abiyamọ, ẹ mọ bí ọjọ́ bẹ́ẹ̀ ṣe ń gùn tó.

Ní agbègbè Paju kan náà ni Òkè Àdúrà Osanri wà, èyí tí ọ̀pọ̀ wa kà nípa rẹ̀ nínú ìwé Yonggi Cho. Orúkọ ìyá ìyàwó rẹ̀, Choi Ja-shil, ni wọ́n fi sọ ọ́. Haeju ni wọ́n bí ìyá yìí sí, ìlú tí ó wà lọ́wọ́ Àríwá lónìí.

Àwọn tí wọ́n forúkọ sílẹ̀ ní Gúúsù láti wá ẹbí wọn lé ní 130,000. Láàárín 2000 sí 2018, ìgbà 21 ni wọ́n jẹ́ kí díẹ̀ nínú wọn fojú kan ara wọn. Ọjọ́ mélòó kan péré ni, lẹ́yìn náà bọ́ọ̀sì á gbé kálukú padà, wọn a sì máa na ọwọ́ sí ara wọn láti ojú fèrèsé. Púpọ̀ nínú àwọn tí ó forúkọ sílẹ̀ ti kú. Láti 2018, kò tíì sí òmíràn.