Ta ló máa sọ ìtàn àwọn ibùdó ìwakùsà tó ti dahoro?

Ẹ̀yin olùgbọ́ wa ní OPIC, Mowe, Ìbàfò àti Ifọ̀, ó ṣeé ṣe kí àwòrán àtijọ́ kan wà nínú àpótí ìyá àgbà yín: ọkùnrin mẹ́ta dúró lórí òkìtì yẹ̀pẹ̀, ṣọ́bìrì lọ́wọ́, wọ́n kọ “Bukuru” sẹ́yìn rẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má tíì jù ú nù.

Ní Bukuru àti agbègbè Jos ni àwọn òyìnbó ti wa tin fún ọ̀pọ̀ ọdún. Àwọn Hausa ń pe tin ní kuza. Ọ̀rọ̀ náà kò jìnnà sí kùsà tí àwa náà ń pè. Nígbà tó di 1914, ojú irin kékeré kan ti dé Bukuru láti Zaria. Ẹni tó bá wọ rélùwéè ní Ìdó l'Ékòó, á kọjá ní Ifọ̀, Abẹ́òkúta àti Ìbàdàn títí dé Zaria, ibẹ̀ ni á ti bọ́ sínú ti kékeré yẹn. Ọ̀pọ̀ Yorùbá gba ọ̀nà yìí lọ, àwọn ará Ogbómọ̀ṣọ́ sì pọ̀ lára wọn. Kì í ṣe gbogbo wọn ló wa ilẹ̀ o. Òwò ni ọ̀pọ̀ wọn bá lọ.

Jos ṣì wà, ó ti di ìlú ńlá. Àwọn ibùdó tó yí i ká ni mò ń sọ. Ní 1957 ni wọ́n pa ojú irin kékeré náà tì. Nígbà tí owó tin já wálẹ̀ lágbàáyé ní 1985, iṣẹ́ tó ṣẹ́kù dẹnu kọlẹ̀. Àwọn kan ṣì ń fọwọ́ wà á, àmọ́ kòtò tó di adágún omi ni èèyàn ń rí káàkiri.

Ní 1943, nítòsí Jemaa, òṣìṣẹ́ ìwakùsà kan rí orí kan tí wọ́n fi amọ̀ mọ. Ó gbé e lọ sóko iṣu, ó fi ń dẹ́rù ba ẹyẹ! Bernard Fagg ló rí i pé ó bá èyí tí wọ́n ti wú jáde ní Nok ní 1928 mu. Irú nǹkan báyìí wà lára ohun tí wọ́n kó sí mùsíọ́mù Jos tí wọ́n ṣí ní 1952. Orí amọ̀ ti rílé gbé. Àwọn tó ń gbẹ́ ilẹ̀ náà ńkọ́?

Ìwé ìjọba wà ní ilé àkójọ ìwé àtijọ́ ní Kaduna, Ìbàdàn àti Enugu. Ẹ máa rí àṣẹ àti ìṣirò owó níbẹ̀. Ẹni tó ń se oúnjẹ fún àwọn lébìrà, àbí orin tí wọ́n ń kọ, ẹnu àgbà nìkan lẹ ti lè gbọ́ ọ.

Nítorí náà, ẹ tan fóònù yín. Ẹ kọ́kọ́ dá orúkọ, ọjọ́ àti ibi tí ẹ wà, bí àwa náà ṣe ń ṣe ní sítúdíò. Ẹ má wulẹ̀ sọ pé “Bàbá, ẹ sọ ìtàn Jos fún wa.” Ẹ bi wọ́n pé, “Ilé ta lẹ sùn lálẹ́ ọjọ́ tí ẹ débẹ̀?” Pẹ́ńsùlù ni kí ẹ fi kọ orúkọ sẹ́yìn àwòrán, kì í ṣe báírò. Kí ẹ sì tọ́jú ohùn náà sí ibi méjì: fóònù mi kan bàjẹ́ rí, ohùn àgbàlagbà kan bá a lọ, bàbá náà sì ti kú.

Ọ̀rọ̀ Òkè Ọya nìkan kọ́ o. Ewékorò tó múlé ti Ifọ̀ ti ń wa òkúta ṣe símẹ́ǹtì láti 1960. Àwọn tó kọ́kọ́ ṣiṣẹ́ níbẹ̀ ti darúgbó. Ẹ bá wa bi wọ́n lọ́sẹ̀ yìí: oko ta ló wà níbi kòtò yẹn kí ẹ̀rọ tó débẹ̀?