Oko, Ọjà àti Iyọ̀ ní Bùdó Kírìjì

Nígbà tí a bá ń kọ́ àwọn ọmọ ilé-ìwé ní ìtàn ogun Kírìjì, orúkọ àwọn jagunjagun ni a sábà máa ń kà fún wọn: Látòósà, Fábùnmi, Ògèdèǹgbé, a ó sì sọ pé ìró ìbọn láàrín àwọn òkè ni ó fún ogun náà ní orúkọ. Ṣùgbọ́n ogun tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 1877 tí kò sì tú pátápátá títí di 1893, ta ni ó ń bọ́ àwọn tí ń jà á?

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé àgọ́ ewé lásán ni bùdó wọnnì. Láàrín Ìgbájọ àti Ìmẹ̀sí-Ilé ni Ìbàdàn àti Èkìtìparapọ̀ ti kọjú sí ara wọn, olúkúlùkù nínú odi tirẹ̀. Wọ́n kọ́ ilé alámọ̀ síbẹ̀. Aya àti ọmọ tọ baálé wọn wá. Wọ́n dáko, wọ́n ń ná ọjà, wọ́n sì ń bímọ. Ọ̀pọ̀ ọmọ ni kò mọ ilé mìíràn ju bùdó lọ.

Iyọ̀ ni ó nira jù fún àwọn obìnrin Ìbàdàn. Ẹ̀gbá àti Ìjẹ̀bú ti dí ọ̀nà òkun, nítorí náà iyọ̀ àti ẹ̀tù di ọ̀wọ́n gógó. Àwọn Èkìtì ní tiwọn rí ọ̀nà Oǹdó lò, èyí tí Glover ṣí ní 1872. Ibẹ̀ ni ìbọn tuntun tí a ń kì láti ẹ̀yìn gbà wá láti Èkó. Ohun tí kò dùn ún sọ ni pé ẹrú ni a fi san púpọ̀ nínú owó ìbọn àti ẹ̀tù, àwọn ẹrú náà kì í sì í ṣe jagunjagun bí kò ṣe àwọn ará ìletò tí a kó lójú oko wọn.

Ní 1886, Samuel Johnson lọ sí bùdó Ìbàdàn, Charles Phillips sì lọ sí ti Èkìtì, láti bá wọn sọ ọ̀rọ̀ àlàáfíà. Ìwé àdéhùn ọdún náà fi Ọ̀tan, Ìrèsì, Àdá àti Ìgbájọ sábẹ́ Ìbàdàn. Ṣùgbọ́n ó gbà pé ará ìlú mẹ́rin wọ̀nyí tí kò bá fẹ́ bẹ́ẹ̀ lè kó jáde láìsí ìdíwọ́. Àánú ni èyí jẹ́ lóòótọ́, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá kó jáde yóò fi oko àti ojú oórì baba rẹ̀ sílẹ̀.