Ẹ̀fẹ̀ inú Ọdún Kérésìmesì

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní ṣòkòtò àgbàbọ̀ kì í yẹ ọmọ ènìyàn. Bí kò fún ni lẹ́sẹ̀, a ṣo ni. Rẹ́múrẹ́mú ni ohun ẹni ń bá ni í mu. Bóyá ni a lè rí ọdún kan ní ilẹ̀ Yorùbá tí òwe yìí bá mu tó ọdún Kérésìmesì. Bí oṣù Ọ̀pẹ̀ bá wọlé, tí ọyẹ́ dé, tí ètè ń bó, tí eruku bo ewé igi, ìgbà náà gan-an ni àwọn ènìyàn ń lẹ òwú mọ́ igi kí ó lè dà bí yìnyín. Ìgbà náà ni ọkùnrin kan ń wọ aṣọ pupa tí ó nípọn, tí ó so irùngbọ̀n mọ́ àgbọ̀n, tí ó sì ń làágùn nínú rẹ̀ ní agogo méjì ọ̀sán. Ẹni tí ó bá fara balẹ̀ wò ó kò lè ṣe kí ó má rẹ́rìn-ín. Ìbéèrè tí ó yẹ olùkọ́ àti akẹ́kọ̀ọ́ ni pé, kí ni ẹ̀rín náà ń sọ? Ṣé àbùkù ọdún náà ni, tàbí ọgbọ́n kan wà nínú rẹ̀?

Láti orí orúkọ

Orí orúkọ ni ẹ̀fẹ̀ náà ti bẹ̀rẹ̀. Sílébù méjì péré ni orúkọ ọdún yìí ní lẹ́nu Gẹ̀ẹ́sì. Èdè Yorùbá kì í gbà kí kóńsónáǹtì méjì tẹ̀lé ara wọn láìsí fáwẹ̀lì láàárín wọn, bẹ́ẹ̀ ni kì í gbà kí kóńsónáǹtì parí ọ̀rọ̀. Nítorí náà, nígbà tí ọ̀rọ̀ náà wọ ẹnu Yorùbá, fáwẹ̀lì bọ́ sí àárín rẹ̀ níhìn-ín àti lọ́hùn-ún, òmíràn sì ti ìdí rẹ̀: Ké-ré-sì-me-sì. Sílébù méjì di márùn-ún. Àlejò tí ó wọ ṣẹ́ẹ̀tì kúkurú wọlé ti di aláàgbádá, agbádá náà sì bá a mu, nítorí pé onílé ni ó rán an.

Kì í ṣe gbogbo aṣọ ọdún náà ni wọ́n rán báyìí. Nígbà tí àwọn ìjọ ìgbà àkọ́kọ́ túmọ̀ orin ìbí Jésù sí Yorùbá, ọ̀rọ̀ ni wọ́n yí padà, wọn kò yí ohùn orin. Bẹ́ẹ̀ èdè olóhùn ni Yorùbá. Bí orin bá gòkè níbi tí ọ̀rọ̀ ti sọ̀kalẹ̀, ìtumọ̀ yóò fò lọ sí ibòmíràn. Akọrin tí ó fẹ́ ròyìn ìgbà ayọ̀ lè bá ara rẹ̀ nídìí igbá ayọ̀. Ẹni tí ó sì fẹ́ kọrin nípa àwọn ará ọ̀run lè máa fi tọkàntọkàn yin àwọn ará ọrùn. T.K.E. Phillips, tí ó ta dùùrù ní Kàtídírà ní Èkó, tí ìwé rẹ̀ lórí orin Yorùbá jáde ní 1953, wà lára àwọn tí ó sapá kí orin ìsìn lè máa tẹ̀lé ohùn ọ̀rọ̀. Síbẹ̀ orin àtijọ́ náà kò kúrò nílẹ̀. Gbogbo ìjọ mọ ohun tí wọ́n ní lọ́kàn. Etí nìkan ni ó ń gbọ́ ohun mìíràn.

Bàbá wo ni Bàbá Kérésìmesì?

Ọmọdé a máa fi ẹ̀rín rìn dé ẹnu ọ̀nà ilé-ìtajà tí Bàbá Kérésìmesì jókòó sí. Ṣùgbọ́n bí wọ́n bá ní kí ó wọlé lọ gba ẹ̀bùn, igbe ni yóò fi bọnu. Inú a bí àwọn òbí, nítorí pé wọ́n ti sanwó ìwọlé. Bẹ́ẹ̀ ọmọ náà kò jẹ̀bi. Ohun tí ó rí ni ẹni tí aṣọ bò láti orí dé ẹsẹ̀, tí ojú rẹ̀ fara pamọ́, tí ohùn rẹ̀ kò jọ ohùn ènìyàn, tí ó ń ti ọ̀nà jíjìn wá lẹ́ẹ̀kan lọ́dún, tí gbogbo ènìyàn sì ń pè ní Bàbá. Ní ilẹ̀ Yorùbá, ẹni tí ó bá ní gbogbo àmì wọ̀nyí ti ní orúkọ tirẹ̀ tẹ́lẹ̀: egúngún ni, ará ọ̀run kìn-ín-kin-ín. Ọmọ tí ó sá fún un fi ẹ̀kọ́ ilé hàn ni.

Ìyàtọ̀ wà láàárín àwọn méjèèjì. Egúngún a máa gba owó, a sì máa súre. Bàbá Kérésìmesì ní tirẹ̀ ń pín ẹ̀bùn, ṣùgbọ́n ẹlòmíràn ti gba owó ẹ̀bùn náà lẹ́nu ọ̀nà. Bí ọmọ bá gbójú, tí ó wo ọwọ́ tí ó na ẹ̀bùn sí i, yóò rí ọwọ́ dúdú lábẹ́ irùngbọ̀n funfun; ó tilẹ̀ lè mọ̀ pé ọwọ́ awakọ̀ ilé-ìwé òun ni. Awo ti ya nìyẹn, ṣùgbọ́n kò sí ẹni tí yóò bá ọmọ náà wí, nítorí pé awo yìí kò ní ìgbàlẹ̀.

Bàbá náà kì í tilẹ̀ ṣe ọmọ ilẹ̀ òtútù ní ìpilẹ̀ṣẹ̀. Orí ìtàn Nicholas, bíṣọ́ọ̀bù ìlú Myra ní ọ̀rúndún kẹrin, ni wọ́n gbé e kà. Ilẹ̀ tí à ń pè ní Tọ́kì lónìí ni ìlú náà wà, létí òkun, níbi tí oòrùn ti ń mú. Orúkọ tí àwọn ará Họ́láńdì ń pè é, Sinterklaas, ni ó di Santa Claus ní Amẹ́ríkà. Láti 1863 ni Thomas Nast ti ń ya àwòrán rẹ̀ sínú ìwé ìròyìn níbẹ̀, tí ó sọ ọ́ di arúgbó sísanra. Ní 1931 ni Haddon Sundblom bẹ̀rẹ̀ sí yà á fún ilé-iṣẹ́ Coca-Cola, tí àwòrán náà sì tàn ká ayé. Báyìí ni bíṣọ́ọ̀bù ilẹ̀ olóoru ṣe lọ wọ aṣọ òtútù, tí ó sì wọ̀ ọ́ wá sínú ooru Èkó.

Yorùbá kò ṣàì mọ irú eré yìí tẹ́lẹ̀. Ní 1826, nígbà tí Hugh Clapperton, arìnrìn-àjò ará Scotland, wà ní Ọ̀yọ́-Ilé, àwọn alárìnjó ṣeré níbẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn egúngún tí ó jáde ń ṣe bí òyìnbó: ó funfun, ó rù, òtútù ń pa á, ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́, ó sì ń rìn gẹ́gẹ́ bí ẹlẹ́sẹ̀ rírọ̀ tí ó ń tẹ omi dídì. Inú àwọn òǹwòran dùn gidigidi, wọ́n sì ń wo ojú àwọn òyìnbó náà bóyá ó dùn mọ́ wọn. Ọdún mẹ́rìndínlógún kí Freeman àti Townsend tó gbé ìhìnrere dé Àgbádárìgì ní 1842 nìyí. Àwọn baba ńlá ni wọ́n ṣẹ̀dá egúngún òyìnbó tí òtútù ń pa, wọ́n sì mọ̀ pé eré ni. Àwọn ọmọ wọn wá gba egúngún mìíràn lọ́wọ́ òyìnbó, wọ́n wọ̀ ọ́ nínú ooru, wọ́n sì fẹ́rẹ̀ẹ́ gbàgbé ẹ̀rín.

Gbogbo ayé ni ó yá aṣọ

Ẹni tí ó bá rò pé ilẹ̀ Yorùbá nìkan ni aṣọ ọdún yìí ti ń ṣo ni lára kò tíì wo ibòmíràn. Ìwé Mátíù àti ti Lúùkù, tí wọ́n ròyìn ìbí Jésù, kò dárúkọ yìnyín, wọn kò dárúkọ igi, wọn kò sì dá ọjọ́. Mátíù kò tilẹ̀ sọ iye àwọn amòye tí ó ti ìlà-oòrùn wá. Iye ẹ̀bùn wọn ni àwọn ènìyàn fi kà wọ́n sí mẹ́ta. Igi Kérésìmesì, láti Jámánì ni ó ti wá. Lẹ́yìn tí ìwé ìròyìn kan ní Lọ́ńdọ̀nù gbé àwòrán Ọbabìnrin Victoria àti ìdílé rẹ̀ nídìí igi náà jáde ní 1848 ni àṣà náà tàn kálẹ̀ láàárín àwọn Gẹ̀ẹ́sì. Tòlótòló tí wọ́n ń yan, ẹyẹ ilẹ̀ Amẹ́ríkà ni. Nítorí náà, Gẹ̀ẹ́sì tí ó jókòó sídìí igi Jámánì, tí ó ń jẹ ẹyẹ Amẹ́ríkà, tí ó sì ń retí bíṣọ́ọ̀bù ará Myra, ṣòkòtò àgbàbọ̀ ni òun náà wọ̀. Pípẹ́ tí ó ti pẹ́ lára rẹ̀ ni kò jẹ́ kí ó mọ̀ mọ́.

Ní Jàpáàn, níbi tí Onígbàgbọ́ kò ti pọ̀, ìpolówó tí ilé-iṣẹ́ KFC bẹ̀rẹ̀ ní gbogbo orílẹ̀-èdè náà ní 1974 ni ó sọ adìẹ díndín di oúnjẹ Kérésìmesì. Ní Wales, àwọn ọkùnrin a máa gbé agbárí ẹṣin kọ́ orí ọ̀pá ní àkókò yìí, ọ̀kan nínú wọn a wọ abẹ́ aṣọ funfun tí ó bò ó, wọn a sì máa lọ láti ilé dé ilé. Mari Lwyd ni wọ́n ń pè é. Lẹ́nu ọ̀nà ni àwọn àlejò àti onílé yóò ti máa fi orin takò ara wọn. Bí ẹnu onílé bá wọlẹ̀, ó di dandan kí ó ṣílẹ̀kùn, kí ó sì fún wọn ní jíjẹ àti mímu. Ọmọ Yorùbá tí ó bá dé ibẹ̀ kò nílò ògbufọ̀ kí ó tó mọ ohun tí ó ń lọ.

Ní Èkó náà, àwọn Àgùdà, ọmọ àwọn tí ó ti oko ẹrú Brazil àti Cuba padà wá sílé ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, mú eré kàrétà bọ̀. Èdè Potogí ni orúkọ náà, ìbòjú ni ó sì túmọ̀ sí. Ní àkókò Kérésìmesì, ọdún tuntun àti Àjíǹde ni wọ́n ń ṣe é ní Pópó Àgùdà. Àwọn yìí mú ọdún náà láti ibi ìyà, síbẹ̀ eré àti ẹ̀rín ni wọ́n fi gbé e wọ̀lú.

Adìẹ, aṣọ àti àwo ìrẹsì

Inú ilé ni ẹ̀fẹ̀ náà ti dùn jù. Adìẹ ọdún a dé ní ọ̀sẹ̀ kan ṣáájú, wọn a so ó lẹ́sẹ̀ mọ́ igi lẹ́yìnkùlé. Àwọn ọmọ a máa bọ́ ọ, wọn a sọ ọ́ ní orúkọ, wọn a bá a dọ́rẹ̀ẹ́. Nígbà tí ó bá sì di àárọ̀ ọdún, wọn a sunkún rẹ̀ títí ọbẹ̀ yóò fi jinná, wọn a sì nu ojú jẹun. Aṣọ ọdún a máa wà lọ́dọ̀ aránṣọ títí di òru ọjọ́ kẹrìnlélógún, nígbà tí baba, ìyá àti ọmọ yóò jókòó tì í bí ẹni tí ó ń ṣọ́ aláìsàn. Bí ó bá sì jáde, yóò tóbi, nítorí pé ìyá ti sọ fún aránṣọ pé ọmọ ń dàgbà. Bàtà náà a tóbi, wọn a fi bébà dí i nímú. Ọmọ náà a wọ jígí tí kò jẹ́ kí ó ríran, a sì de aago oníke tí agogo kan náà ń lù lórí rẹ̀ láti àárọ̀ di alẹ́, ọba sì ni ní ojú ara rẹ̀.

Àwo ìrẹsì ni ó parí rẹ̀. Ìyá kan a bu oúnjẹ, a fi ránṣẹ́ sí ìyá kejì. Ọmọ tí ó gbé e yóò pàdé ọmọ ìyá kejì lójú ọ̀nà, tí òun náà gbé àwo ìrẹsì bọ̀. Ìrẹsì lọ, ìrẹsì bọ̀, adùn ọbẹ̀ nìkan ni ó yàtọ̀. Àwọn Mùsùlùmí àdúgbò a gba tiwọn, àwọn ọmọ wọn a sì wọ aṣọ tuntun bí ẹni pé tiwọn ni ọdún náà. Bí ó bá di Iléyá, ẹran àgbò yóò gba ọ̀nà kan náà padà. Ẹni tí ó bá ń ṣírò èrè yóò sọ pé wọ́n ṣiṣẹ́ lásán. Bẹ́ẹ̀ ibi tí àwo méjì ti pàdé lójú ọ̀nà yìí ni àárín ọdún náà gan-an.

Nígbà tí ẹ̀rín bá tán

Àwọn kan ti gbìyànjú rí láti mú ẹ̀rín kúrò. Ní 1647, ìgbìmọ̀ aṣòfin ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fòfin de ọdún Kérésìmesì. Ní 1659, àwọn ará Massachusetts ní Amẹ́ríkà ṣòfin pé ṣílè márùn-ún ni ẹni tí ó bá ṣe é yóò san. Wọ́n wo gbogbo aṣọ àgbàbọ̀ náà, wọ́n ní kò sí nínú Bíbélì. Òótọ́ ni wọ́n sọ, ṣùgbọ́n ní 1681 wọ́n fúnra wọn yí òfin náà padà.

Èyí tí ó le jù ni ti ẹni tí ó ń ṣọdún láìrẹ́rìn-ín. Irú ẹni bẹ́ẹ̀ kò fi ẹnikẹ́ni bú, ṣùgbọ́n ó gba gbogbo rẹ̀ gbọ́: ó gbà pé bí kò bá sí adìẹ, bí aṣọ àwọn ọmọ kò bá bá ti aládùúgbò dọ́gba, ọdún kò sí nílé òun. Ó yá owó ní oṣù Ọ̀pẹ̀. Nígbà tí ó di oṣù Ṣẹ́rẹ́, ọmọ tí ó wọ aṣọ tuntun náà ni wọ́n lé bọ̀ wálé nítorí owó ilé-ìwé. Àwọn olùkọ́ mọ irú ọmọ bẹ́ẹ̀, nítorí pé iwájú wọn ni ó ti ń dìde jáde. Èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ ẹ̀fẹ̀ mọ́, ẹni tí ó sì gbà pé òwú lásán ni òwú ara igi ì bá ti yọ nínú rẹ̀. Ẹni tí ó bá lè rẹ́rìn-ín sí aṣọ náà mọ̀ pé aṣọ ni, ó sì lè bọ́ ọ sílẹ̀ bí ó bá wọ̀ ọ́ lọ́rùn jù, láìpàdánù ọdún.

Ìkíni Yorùbá ti ṣàlàyé èyí tipẹ́. Wọn a ní, ẹ kú ọdún, ẹ kú ìyèdún. Yíyè ni ó wà nínú ìyèdún: wọ́n ń kí ènìyàn pé ó yè títí ọdún fi bá a láyé. Ìkíni náà kò béèrè ohun tí ó wà nínú ìkòkò, kò sì béèrè bóyá bàtà ọmọ bá ẹsẹ̀ rẹ̀ mu.