Ẹ jẹ́ ká mọ̀: Oògùn ADHD àti bí ọkàn ṣe ń lù
Oògùn Ritalin máa ń ran ẹni tó ní ADHD (ìṣòro tí kì í jẹ́ kéèyàn lè pọkàn pọ̀ dáadáa) lọ́wọ́ láti fọkàn sí ohun tó ń ṣe. Ṣùgbọ́n ó tún ń mú kí noradrenaline pọ̀ sí i, èròjà tó ń mú àyà wa lù kìkìkì nígbà tí ẹ̀rù bá bà wá.

Fún ọ̀pọ̀ èèyàn, ìlù díẹ̀ péré ló ń fi kún ti ọkàn ní ìṣẹ́jú kan. Àmọ́ bí ọkàn yín bá ti ń lù ségesège tẹ́lẹ̀, tàbí tí ẹnì kan nínú ẹbí kú lójijì ní rèwerèwe, ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ fún dókítà kí ẹ tó lò ó. Ẹ má fi kọfí rẹpẹtẹ lé e.

Bí àyà bá ń dùn yín tàbí tí ẹ dákú, ẹ sáré lọ sílé ìwòsàn.