Ara Àyálò àti Ikú Títà nínú Ìtàn Tutùọlá

Nínú The Palm-Wine Drinkard, ìwé Amos Tutùọlá tí a tẹ̀ jáde ní Lọ́ńdọ̀nù ní ọdún 1952, arẹwà ọkùnrin kan ná ọjà, omidan tí kì í gbà fún ọkọ kankan sì tẹ̀ lé e. Bí wọ́n ti wọ igbó ni ọkùnrin náà ń dá ẹ̀yà ara padà fún àwọn tí ó ni wọ́n. Ó yọ ẹsẹ̀ òsì, ó san owó ìyálò rẹ̀. Ó yọ tọ̀tún, ó tún sanwó. Nígbẹ̀yìn, ó bọ́ awọ àti ẹran orí sílẹ̀, ó ku agbárí lásán.

Àwọn kan ka irú ìṣẹ̀lẹ̀ yìí sí àlá tí kò ní ìlànà. Èrò náà kò tọ̀nà. Òfin ọjà ni ó ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀: ohun tí a yá, dídá padà ni, ohun tí a tà ti lọ. Ẹ wo bí òfin yìí ti mú ọ̀mu náà fúnra rẹ̀ àti aya rẹ̀. Kí wọ́n tó wọ inú igi funfun ńlá kan, wọ́n ta ikú wọn ní pọ́n-ùn 70, ṣílè 18 àti sísì, ṣùgbọ́n wọ́n fi ẹ̀rù wọn yáni ní pọ́n-ùn 3 àti ṣílè 10 lóṣù. Nígbà tí wọ́n jáde, wọ́n gba ẹ̀rù wọn padà. Ẹni tí ó ra ikú kò dá a padà. Láti ìgbà náà, ẹ̀rù ń bà wọ́n, ṣùgbọ́n wọn kò lè kú mọ́.