Bí A Ṣe Ń Fi Òwú Kó Irun

Ní Tchaourou ní orílẹ̀-èdè Benin, lójú ọ̀nà Ṣábẹ́ sí Parakou, bí ó ti rí ní ọ̀pọ̀ ibi tí Yorùbá ń gbé, irun dídì yàtọ̀ sí irun kíkó. Ọwọ́ lásán la fi ń di irun. Òwú la fi ń kó o.

Onídìrí á jókòó sórí àga, ẹni tó ń ṣe irun á jókòó sórí àpótí láàárín ẹsẹ̀ rẹ̀. Wọ́n á fi òòyà tú irun, wọ́n á fi òrí pa á kó lè rọ̀. Igi emi, tí wọ́n ń fi èso rẹ̀ ṣe òrí, pọ̀ ní Borgou, agbègbè tí Tchaourou wà. Wọ́n á wá fi ìlàrí là á sí ìpín-ìpín. Onídìrí á so òwú dúdú mọ́ ìdí ìpín kan, á wé e níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹta tàbí mẹ́rin kó má baà yọ̀, á máa wé e lọ títí dé ṣóńṣó, á sì ta á ní kókó. Bí òwú bá sún mọ́ra, irun á le, á dúró ṣánṣán. Bí ó bá jìnnà síra, irun á ṣeé tẹ̀. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ bá dìde tán ni wọ́n á tẹ̀ wọ́n síra wọn, wọ́n á so wọ́n pọ̀. Bẹ́ẹ̀ la ṣe ń ṣe onílé gogoro.

Ìdí irun ni ọgbọ́n iṣẹ́ náà wà. Bí òwú bá dẹ̀ níbẹ̀, irun á wó. Bí ó bá fún jù, iwájú orí á sọ wóròwórò, irun ibẹ̀ á sì máa re. Ìka onídìrí kò lè mọ ohun tí awọ orí ń mọ̀. Ìdí nìyí tó fi ń béèrè: “Ṣé kò fún yín jù, ìyá?” Ìyá á ní: “Dẹ̀ ẹ́ díẹ̀ níwájú.” Bákan náà, lọ́dọ̀ àwọn ará Japan tó ń fi okùn di ara ènìyàn gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́ ọnà, tí wọ́n ń pè ní shibari, ẹni tí wọ́n ń dì náà ló ń sọ ibi tó ti le jù.

J. D. 'Okhai Ojeikere (1930–2014), ayàwòrán ọmọ Nàìjíríà, bẹ̀rẹ̀ sí í ya irun àwọn obìnrin lọ́dún 1968, ó sì ya oríṣi tó sún mọ́ 1,000. Ẹ̀yìn orí ló sábà máa ń yà. Mo fẹ́ràn àwòrán wọ̀nyẹn gan-an, nítorí ọrùn tó nà gbọọrọ lábẹ́ irun fi hàn pé ẹni tó jókòó náà ṣiṣẹ́.

Ẹ̀yin onídìrí, ẹ má ṣe na ọmọ tó ń sunkún nídìí òwú. Ẹ dẹ òwú. Bí iwájú orí bá sì ń ta ẹnikẹ́ni títí di alẹ́, kó tú u lálẹ́ ọjọ́ náà.