Mẹkáníìkì tó sọ ọ̀pọ̀lọ́ di ààrẹ: Ìjàpá tiwa wá ńkọ́?

Ẹ̀yin ìyá wa tí ẹ ń pàtẹ ní Ọjà Ọba nílùú Àkúrẹ́, ẹ̀yin ọ̀gá oníṣẹ́ ọwọ́ tí ẹ ni ṣọ́ọ̀bù lóde Oǹdó, ẹ gbọ́ ná. Kàtúùnù tí àwọn ọmọ yín ń wò tí wọn kì í gbọ́ bí ẹ bá rán wọn níṣẹ́, ẹ má rò pé idán òyìnbó ni. Iṣẹ́ ọwọ́ ni, bí iṣẹ́ télọ̀ àti káfíńtà. Ẹni tí ọ̀pọ̀ èèyàn ń pè ní baba kàtúùnù nílẹ̀ aláwọ̀ dúdú, iṣẹ́ mẹkáníìkì ló kọ́ kó tó mọ kámẹ́rà í dì mú.

Moustapha Alassane lorúkọ rẹ̀, ọmọ orílẹ̀-èdè Niger tó múlé ti Nàìjíríà lápá òkè. Ọdún 1942 ni wọ́n bí i, ó sì kú lọ́dún 2015. Jean Rouch, òyìnbó Faransé tó ń ṣe sinimá, ló kọ́ ọ níṣẹ́ kámẹ́rà ní Niamey. Lẹ́yìn náà ló lọ sí Kánádà, níbi tó ti kọ́ṣẹ́ kàtúùnù lọ́dọ̀ ògbóǹtarìgì kan, Norman McLaren.

Báwo ni wọ́n ṣe ń ṣe é? Àwòrán kì í rìn, ojú wa ló ń tàn wá jẹ. Bí ọ̀pọ̀lọ́ bá máa fò, wọ́n á yà á níbi tó lóṣòó sí, wọ́n á ya òmíràn tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ti kúrò nílẹ̀ díẹ̀, wọ́n á tún ya òmíràn. Láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, àwòrán 24 ló ń sáré kọjá lójú wa nínú sinimá. Ẹ ṣírò rẹ̀: ìṣẹ́jú kan péré, 1,440 nìyẹn! Ẹni tí kò ní sùúrù kò lè jẹun nídìí ẹ̀.

Lọ́dún 1965, Alassane gbé "La mort de Gandji" jáde, ìtàn ààfin ọba ọ̀pọ̀lọ́. Lọ́dún 1966, ó ṣe "Bon voyage Sim". Ọ̀pọ̀lọ́ ni Sim, ààrẹ sì ni. Ààrẹ ìlú mìíràn pè é lálejò, ó múra, ó lọ. Ìgbà tó fi máa padà dé, ìjọba ti bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́! Ọmọdé á rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n àgbà mọ ibi tí ọ̀rọ̀ ń lọ. Ọdún 1966 yẹn náà ni wọ́n gbàjọba lọ́wọ́ Kwame Nkrumah ti Gánà nígbà tó rìnrìn àjò lọ sí ilẹ̀ Éṣíà. Ní 1975, Kampala ni Ọ̀gágun Gowon tiwa wà tí wọ́n fi gba tiẹ̀. Ta ló tó bẹ́ẹ̀ tó máa sọ irú ọ̀rọ̀ yìí sójú ààrẹ? Ọ̀pọ̀lọ́ ni Alassane rán. Iṣẹ́ tí àwọn baba wa ń rán Ìjàpá nínú àlọ́ náà nìyẹn.

Àwọn ará Rọ́ṣíà mọ àṣírí yìí tipẹ́. Lọ́dún 1912, ní Moscow, Ladislas Starewicz fi òkú kòkòrò ṣe sinimá: ó fi wáyà so ẹsẹ̀ wọn, ó ń ṣí wọn nípò díẹ̀díẹ̀ títí wọ́n fi ń ṣe bí èèyàn. Ní 1936 ni ìjọba wọn dá ilé-iṣẹ́ Soyuzmultfilm sílẹ̀, oríṣiríṣi ló sì ti ibẹ̀ jáde. "Nu, pogodi!" tó bẹ̀rẹ̀ ní 1969, yíyà ni wọ́n yà á: ìkookò ń lé ehoro kiri, kò rí i mú. Gena tó jẹ́ ọ̀nì àti Cheburashka ọ̀rẹ́ rẹ̀, ọmọlangidi ni wọ́n. Yuri Norstein ní tiẹ̀, gígé ló ń gé àwòrán. Ní 1975, tó fẹ́ kí kùrukùru bo ẹranko kékeré ẹlẹ́gùn-ún kan mọ́lẹ̀, bébà fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ló tẹ́ sórí àwòrán, tó ń gbé e sókè sí kámẹ́rà díẹ̀díẹ̀. Ọgbọ́n orí nìyẹn, kì í ṣe owó!

Nílé wa níbí, iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀. Lọ́dún 2024, Disney bá àwọn ọmọ Áfíríkà tó dá Kugali sílẹ̀ ṣe "Iwájú", ìtàn ìlú Èkó lọ́jọ́ iwájú. Orúkọ Yorùbá ni wọ́n sọ ọ́.

Ṣùgbọ́n àlọ́ ń kú lọ nílé wa. Bí ìyá bá tọjà dé lálẹ́, ó ti rẹ̀ ẹ́, fóònù ló máa gbé lé ọmọ lọ́wọ́. Ọmọ á mọ orúkọ gbogbo ẹranko òyìnbó, kò ní mọ Yánníbo aya Ìjàpá. Èyí tó bá sì fèédú ya ọ̀pọ̀lọ́ sára ògiri, ìgbájú ló máa gbà.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ dáwọ́ dúró ná. Ẹ fún un ní ìwé tó ti lò tán nílé ẹ̀kọ́. Kó ya Ìjàpá sí igun ojú ewé kan, kó tún un yà sí èyí tó tẹ̀lé e, kó ṣí ẹsẹ̀ rẹ̀ díẹ̀, bẹ́ẹ̀ bẹ́ẹ̀ títí dé ẹ̀yìn ìwé. Tó bá fi àtàǹpàkò tú u wéréwéré, Ìjàpá á rìn! Kò ná yín ní kọ́bọ̀. Kẹ́ ẹ sì pa àlọ́ kan fún un kó tó sùn, torí ẹni tí kò gbọ́ àlọ́ kò ní rí ohun tó máa yà.

Àlọ́ wo lẹ̀yin gbọ́ lẹ́nu ìyá yín tẹ́ ẹ fẹ́ kó di kàtúùnù? Ẹ kọ ọ́ ránṣẹ́ sí wa.